Ìṣirò Ẹsẹ̀ Karùn-ún

Inú ike gàrí ni ìyá mi ti rí ìwé ìdánwò ọmọ mi. Ọ̀sán ọjọ́ Sátidé kan ni, nínú ilé ìdáná wa ní Sachse, nítòsí Dallas, kò sì tíì pé oṣù kan tí wọ́n dé láti Ògbómọ̀ṣọ́. Wọ́n fẹ́ mu gàrí. Wọ́n ki ife bọ inú ike, wọ́n gbọ́ tí nǹkan ń dún níbi tí kò yẹ kí nǹkan ti dún, ni wọ́n bá fa bébà méjì tí wọ́n ká pọ̀ jáde. Wọ́n gbọn gàrí ara rẹ̀ kúrò, wọ́n nà án sí mi.

"Ṣé báyìí lẹ ṣe ń tọ́jú ìwé nílẹ̀ yìí ni?"

Ọmọ mi obìnrin, ọmọ ọdún mọ́kànlá, ti ronú dáadáa kó tó yan ibẹ̀. Ìyàwó mi, tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, kò fẹ́ràn gàrí. Èmi náà, dókítà ti ní kí n jìnnà sí i nítorí ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀. Ike yẹn ti wà nísàlẹ̀ kọ́bọ́ọ̀dù láti ìgbà Kérésì, kò sẹ́ni tó wojú rẹ̀. Ohun kan ṣoṣo tí ọmọ náà kò fi kún ìṣirò rẹ̀ ni pé ìyá bàbá òun ń bọ̀, pé kò sì sí bí wọ́n ṣe máa rí ike gàrí tí wọn ò ní ṣí i.

Ìdánwò ìṣirò ni méjèèjì. Yíǹkì pupa olùkọ́ ló pọ̀ ju pẹ́ńsù ọmọ lọ lára wọn. Lẹ́tà kan tún wà tí wọ́n fi píìnì kàn mọ́ èkejì. Olùkọ́ kọ ọ́ síbẹ̀ pé ọmọ wa ti fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀mejì nínú ìṣirò tó ní ohun méjì tí a kò mọ̀, pé ìdánwò kẹta á wáyé lọ́jọ́ Ẹtì tó ń bọ̀, àti pé bí kò bá yege nínú ìyẹn, wọ́n á mú un kúrò ní kíláàsì àwọn ọmọ tó fi ọdún kan ṣáájú ẹgbẹ́ wọn nínú ìṣirò. Àyè tí òbí máa buwọ́ lù wà nísàlẹ̀, ó ṣófo.

Kíláàsì yẹn ni mo máa ń fi yangàn. Kí n má parọ́. Bí àwa ará Nàìjíríà bá pàdé lẹ́yìn ìsìn, tí àwọn tó ń gbé Plano bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ nípa ilé ìwé àwọn ọmọ wọn, èmi náà máa ń wá ọgbọ́n fi kíláàsì yẹn há àárín ọ̀rọ̀. Mo máa ń sọ pé èmi ni ọmọ náà jọ. Láti kékeré ni mo ti ń gbapò kìíní nínú ìṣirò, iṣẹ́ kọ̀ǹpútà tí mo ń ṣe fún àwọn ilé ìwòsàn níbí kò sì ju ìṣirò lọ. Ó dá mi lójú pé ọ̀rọ̀ kékeré ni mo rí nínú ike gàrí yẹn, pé ọ̀sán kan péré máa tó mi tún un ṣe.

Ọ̀sán ọjọ́ kejì, tí a dé láti ṣọ́ọ̀ṣì, mo pè é sídìí tábìlì oúnjẹ. Màmá jókòó sí ìparí tábìlì náà, wọ́n da ẹ̀wà sórí àwo pẹrẹsẹ, wọ́n ń ṣa òkúta inú rẹ̀. Mo ti sọ fún wọn pé ẹ̀wà ilẹ̀ yìí kì í ní òkúta. Wọ́n ní kí n jẹ́ kí àwọn fojú ara àwọn rí i.

Ìṣirò àkọ́kọ́ inú ìwé náà kò le rárá lójú mi. Adìyẹ àti màlúù wà nínú ọgbà kan. Bí a bá ka orí wọn, ó jẹ́ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Bí a bá ka ẹsẹ̀ wọn, ó jẹ́ mẹ́rìndínláàádọ́ta. Adìyẹ mélòó, màlúù mélòó?

"Ó dáa," mo ní. "Jẹ́ kí adìyẹ jẹ́ x. Jẹ́ kí màlúù jẹ́ y."

"Why is the chicken x?"

"Torí pé a ò mọ iye tó jẹ́."

"But we know it's a chicken, Daddy."

Mo kọ ìlà méjì sórí bébà, mo fi ọ̀kan yọ èkejì, ìdáhùn jáde. Mo wojú rẹ̀. Kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Mo tún un kọ, ohùn mi sì ti ròkè díẹ̀. Lẹ́ẹ̀kẹta, mo fọwọ́ gbá tábìlì débi pé ẹ̀wà fò lórí àwo Màmá. Èmi kì í lu ọmọ, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ohùn mi lè ṣe iṣẹ́ pàṣán, mo sì jẹ́ kó ṣe é lọ́jọ́ náà.

Ọmọ náà kò sunkún. Ó fi pẹ́ńsù lélẹ̀ jẹ́jẹ́, ó tẹ́ ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sórí ìwé, ó sì sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ bí òun ṣe ga tó fún nọ́ọ̀sì: "Maybe I'm just dumb, Daddy. It's okay. You can say it."

 Ká ní ó ké ni, ǹ bá mọ ohun tí mo máa ṣe. Ó ti parí ẹjọ́ ara rẹ̀, ó ti dá ara rẹ̀ lẹ́bi pé òun gọ̀, ó wá ń fún mi láyè kí n fọwọ́ sí i.  Gbogbo ohun tí mo ti ń sọ láti ìdajì wákàtí ni ó ti gbọ́ ìtumọ̀ rẹ̀ kedere.

Màmá ló sọ̀rọ̀. "Kí ni wọ́n ní kí ọmọ yìí ṣe gan-an?"

Mo sọ ọ́ fún wọn ní ṣókí, bí ẹni tó ń lé eṣinṣin: adìyẹ, màlúù, orí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ẹsẹ̀ mẹ́rìndínláàádọ́ta. Wọ́n wò mí. Wọ́n ní kí n sún sẹ́yìn díẹ̀. Wọ́n fa àwo ẹ̀wà síwájú ọmọ náà.

"Yèyé mi, ta ni kò ní ẹsẹ̀ mẹ́rin nínú wọn?"

Ọmọ mi gbọ́ Yorùbá dáadáa, àmọ́ Gẹ̀ẹ́sì ló fi ń dáhùn. Màmá náà gbọ́ ìwọ̀n Gẹ̀ẹ́sì tó tó fún àwọn méjèèjì.

"The chicken."

"Ẹ jẹ́ ká fún adìyẹ náà ná. Ká fún gbogbo wọn ní mẹ́rin mẹ́rin, kó má sẹ́ni tó máa bínú."

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kó ẹ̀wà jọ ní mẹ́rin mẹ́rin. Ọmọ náà wò wọ́n fún ìgbà díẹ̀, lẹ́yìn náà òun náà bẹ̀rẹ̀ sí í kó tirẹ̀ láti òdìkejì. Ebè ẹ̀wà mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tò sórí tábìlì.

"Mélòó ni gbogbo ẹsẹ̀ tá a pín?"

"Sixty."

"Ọgọ́ta. Ṣé ọgọ́ta ni ìwé wí?"

"No. Forty-six."

"Ẹn-ẹ́n. A ti ṣe é pọ̀ jù nìyẹn. Mélòó la fi lé e?"

Ó wo òkè àjà. "Fourteen."

"Ó dáa. Lọ gbà á padà. Lọ́wọ́ ta lo ti máa gbà á?"

Mo rí i lójú ọmọ mi. Mo fẹ́ kí ẹ bá mi rò ó wò, ojú tí mo ti ń wò láti ìgbà tí a jókòó tí kò sí nǹkan nínú rẹ̀. Ó kọ́kọ́ ṣẹ́jú. Ó wo ebè kan, ó wo òmíràn. "The chickens! They're not supposed to have four!" Ó mú ẹ̀wà méjì kúrò nínú ebè àkọ́kọ́, ó mú méjì kúrò nínú èkejì, ó ń kà á sí àtẹ́lẹwọ́ títí ó fi pé mẹ́rìnlá. Ó wá wo ohun tó kù lórí tábìlì. Ebè méje ló ní ẹ̀wà méjì méjì. Ebè mẹ́jọ ló ní mẹ́rin mẹ́rin.

"Seven chickens," ó sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. "Eight cows." Ó wo ọwọ́ ara rẹ̀, àfi bíi pé ọwọ́ ẹlòmíràn ni.

Mo yí bébà mi sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, mo fi x àti y yẹ̀ ẹ́ wò kí wọ́n má baà rí mi. Méje àti mẹ́jọ.

"Ṣé ó bá tinú ìwé mu?" Màmá bi mí, wọn ò tiẹ̀ gbé ojú sókè.

"Ó bá a mu, Màmá. Ta ló kọ́ yín?"

Wọ́n wò mí bí ẹni tí mo bi pé ta ló kọ́ wọn ní sísín. "Kí ni wọ́n ń kọ́ níbẹ̀? Bí o bá fẹ́ ka mẹ́rìndínláàádọ́ta, ibo lo kọ́kọ́ ń dé?"

"Àádọ́ta."

"Lẹ́yìn náà ńkọ́?"

"Mo ń dín mẹ́rin kúrò."

"Ó tán." Wọ́n padà sídìí òkúta tí wọ́n ń wá nínú ẹ̀wà.

Mo jáde lọ dúró lẹ́yìn ilé.  Láti ìgbà tí mo ti lè sọ̀rọ̀ ni mo ti ń ka mẹ́rìndínlógún, márùndínlọ́gbọ̀n, mẹ́rìndínláàádọ́ta. Gbogbo ìgbà tí mo bá kà á ni mo ń kọjá ibi tí mò ń lọ, tí mo sì ń padà sẹ́yìn díẹ̀, tí mo ń dé ibẹ̀ láìṣìnà. N kò fìgbà kankan rí i pé ọ̀nà ni. Àwọn tí n kò mọ orúkọ wọn ti fi ọgbọ́n yẹn sí mi lẹ́nu kí n tó ní eyín, wọ́n dákẹ́, wọ́n lọ. Èmi wá kàwé débi pé mo gba oyè méjì, mo wọ bàálù wá sí Dallas, mo ń gbá tábìlì níwájú ọmọ mi. Mo dúró níbẹ̀, mò ń wo ọgbà onígi tó yí ilé ká, ẹ̀rù Ọlọ́run bà mí.

Ìwé mẹ́ta ni Màmá kà. Ọmọdébìnrin ni wọ́n nígbà tí wọ́n fẹ́ bàbá mi, tó ń wa ọkọ̀ akérò láti Ògbómọ̀ṣọ́ lọ sí apá òkè. Ọmọ ọwọ́ ni mí nígbà tí bàbá mi kú. Ohun tí wọ́n sọ fún mi kò ju pé ọ̀nà ló mú un lọ. Bí mo bá béèrè jù bẹ́ẹ̀ lọ, Màmá á ní kí n lọ pọnmi, nígbà tí mo sì dàgbà, mi ò béèrè mọ́. Gbogbo ohun tí mo mọ̀ nípa ọkọ̀ bàbá mi ni pé Màmá ló máa ń yí i ká láràárọ̀ kó tó gbéra.

Èyí rán mi létí ọ̀rọ̀ táyà, ó sì yẹ kí n sọ ọ́ síbí. Lọ́jọ́ tí Màmá dé, ní iwájú pápákọ̀ òfuurufú, wọn ò wọnú ọkọ̀ mi. Wọ́n yí i ká lákọ̀ọ́kọ́, wọ́n ń fọwọ́ kan táyà kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń kà á. Nígbà tí wọ́n dé ìdí búùtù, wọ́n ní kí n ṣí i.

"Ẹsẹ̀ karùn-ún dà?"

Mo ṣàlàyé pé púpọ̀ nínú ọkọ̀ tuntun kì í ní sípíà mọ́, pé agolo oje kan ni wọ́n fi síbẹ̀ tí èèyàn á fọ́n sínú táyà tó bá jò. Màmá wo agolo náà, wọ́n wò mí. Wọ́n wọ ọkọ̀ nígbà tí ọlọ́pàá ń fọn fèrè mọ́ wa pé ká kúrò lójú ọ̀nà, àmọ́ láti ọjọ́ kejì ni wọ́n ti kọ̀ jálẹ̀. Wọn ò lọ ṣọ́ọ̀ṣì, wọn ò lọ ibì kankan, àfi ìgbà tí mo wakọ̀ lọ sí Garland tí mo lọ wá táyà karùn-ún, tí mo gbé e tì sínú búùtù. Ìyàwó mi ń ráhùn pé ara àwa ni iṣu àti ìrẹsì ń jókòó tì báyìí. Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní àgbà ti ń dé sí Màmá. Láti ìgbà náà, bí a bá ti fẹ́ jáde, wọ́n á yí ọkọ̀ ká, ọmọ mi á máa tẹ̀ lé wọn lẹ́yìn, ọwọ́ méjì á sì máa kan táyà kan náà lẹ́ẹ̀kan náà.

Láti ọjọ́ Ajé ni àwọn méjèèjì ti gba ilé ìdáná. Bọ́ọ̀sì ilé ìwé á já ọmọ náà sílẹ̀, á sáré wọlé, Màmá á ti da ẹ̀wà sílẹ̀ dè é. Bí mo bá dé láti ibi iṣẹ́ ní Plano, n kì í wọlé lójú ẹsẹ̀. Mo máa ń dúró sí ẹnu ọ̀nà gáréèjì kí n lè máa gbọ́ wọn. Kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ méjì àti ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta. Aláǹtakùn àti èèrà. Àga àti àpótí. "A ti ṣe é pọ̀ jù!" ọmọ mi á kígbe, ní Yorùbá, ẹ̀rín á sì gbà á. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, mo gbọ́ tó ń ka ẹ̀wà láti ogún sókè, tó ń fi ara rẹ̀ ṣeré bó ṣe ń bọ̀ wá sẹ́yìn láti inú ọgbọ̀n. Mo jowú díẹ̀. Mo sì tún ń dúpẹ́, tí omi ń lé ròrò lójú mi nínú gáréèjì, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ tá a fi ń gé koríko.

Ọjọ́Bọ̀ nìkan ni ilé dákẹ́. Mo wọlé, mo bá ẹ̀wà lórí tábìlì láìtò. Ọmọ náà gbé orí lé itan Màmá, Màmá tẹ́ ọwọ́ lé e nírun. Mo bi wọ́n pé kí ló ṣẹlẹ̀.

"A ń sinmi," Màmá ní.

Ọmọ mi gbé ojú sókè wò mí. Kò tíì wò mí báyẹn rí, àfi bíi pé èmi ni àbúrò rẹ̀ tí ó yẹ kó tọ́jú. Mo rò pé ẹ̀rù ìdánwò ni.

Ó ṣe ìdánwò náà lọ́jọ́ Ẹtì. Mo bi í pé báwo ló ṣe rí, ó ní "It was okay." Mo fẹ́ béèrè sí i, mo kó ara mi níjàánu. Ní ọ̀sán ọjọ́ Ajé, olùkọ́ fi iṣẹ́ ránṣẹ́ sórí fóònù mi pé ká jọ̀ọ́ ká yà sọ́dọ̀ òun ní aago mẹ́rin, ọ̀rọ̀ kan wà lórí ìbéèrè tó kẹ́yìn.  Mo ti ń tò ó lọ́kàn bí mo ṣe máa sọ fún ọmọ náà pé kíláàsì kò ṣe pàtàkì, èmi tí mo ti fi yangàn fún odidi ọdún kan. Màmá ní àwọn náà ń lọ. Mo ní kò pọn dandan. Wọ́n ti wọ bàtà.

Olùkọ́ náà jẹ́ obìnrin òyìnbó kan tó ti ń hewú, ohùn rẹ̀ rọ̀. Ó fa àga wá fún Màmá sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ mi, tó ti jókòó dè wá, kó tó fa tirẹ̀. Ó tẹ́ ìwé ìdánwò síwájú wa. Ìbéèrè mẹ́rin àkọ́kọ́, ó tọ̀nà, ó tọ̀nà, ó tọ̀nà, ó tọ̀nà. Ìkarùn-ún ni yíǹkì pupa dé, tí wọ́n tún ti fi ìlà fa á rẹ́.

Ó kà á fún wa. Ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ àti alùpùpù wà níbi ìgbọ́kọ̀sí kan. Gbogbo wọn jẹ́ mẹ́rìnlélógún. Ẹsẹ̀ wọn lápapọ̀ jẹ́ mẹ́rìndínláàádọ́rùn-ún. Ọkọ̀ mélòó, alùpùpù mélòó?

Mo ṣe é lórí kíá. Alùpùpù márùn-ún, ọkọ̀ mọ́kàndínlógún. Mo wo ohun tí ọmọ mi kọ. Alùpùpù mọ́kànlá, ọkọ̀ mẹ́tàlá. 

"Mo fún un ní òdo," olùkọ́ sọ lédè Gẹ̀ẹ́sì, "ṣùgbọ́n mo rí àwòrán tó yà sábẹ́ rẹ̀, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í ka ẹsẹ̀ wọn. Ó pé. Mo kà á lẹ́ẹ̀mẹta, ó ń pé. Mi ò mọ bó ṣe ń pé."

Mo fa ìwé náà mọ́ra. Ọmọ náà ti ya ọkọ̀ mẹ́tàlá, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú táyà mẹ́rin nílẹ̀, àti táyà kan nínú búùtù. Ó ti fún gbogbo ohun mẹ́rìnlélógún ní ẹsẹ̀ márùn-ún márùn-ún, ó jẹ́ ọgọ́fà. Ó ti fi mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n pọ̀ jù. Ó lọ gbà á padà lọ́wọ́ àwọn alùpùpù, mẹ́ta mẹ́ta, lọ́nà mọ́kànlá, ó ku ẹyọ kan tí kò rí ẹni gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ó wá gbà á lọ́wọ́ ọkọ̀ kan. Ọkọ̀ tó gbẹ̀yìn, búùtù rẹ̀ ṣófo.

"A car has five," ọmọ mi ní, láìbẹ̀rù. "Everybody knows that."

Mo túmọ̀ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún Màmá. Wọ́n mi orí. Wọn ò rí ohun tó burú níbẹ̀.

Olùkọ́ tẹ̀ síwájú. "Bí ọkọ̀ bá ní mẹ́rin péré ńkọ́?"

Ọmọ náà di ojú. Ìka rẹ̀ ń mì lórí tábìlì, ó ń kó ẹ̀wà tí kò sí níbẹ̀. "Twenty-five fours is a hundred. Take back four. Ninety-six. A ti ṣe é pọ̀ jù. Ten too many." Ó la ojú. "Five motorcycles. Nineteen cars. But then nobody has a spare."

 Olùkọ́ wo ọmọ náà, ó wo Màmá, ó tún wo ọmọ náà. Ó ní ogójì ọdún lòun ti ń kọ́ni ní ìṣirò yìí, òun ò tíì rí ẹni tó lọ dé ọgọ́rùn-ún kó lè rí mẹ́rìndínlọ́gọ́rùn-ún. Ó ní ibi tí ọmọ náà wà ni yóò máa wà, kò sẹ́ni tó máa mú un kúrò ní kíláàsì òun. Ó wá rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. "Ṣùgbọ́n nítorí ohun tó kọ sísàlẹ̀ ni mo ṣe pè yín."

Mi ò rí i tẹ́lẹ̀. Ìlà kékeré mẹ́rin ni, lábẹ́ ọkọ̀ tí kò ní sípíà, ní ọwọ́ ìkọ̀wé ọmọ mi tó máa ń wọ́ sápá ọ̀tún. Gẹ̀ẹ́sì ló fi kọ ọ́. Ohun tó kọ ni pé: Ọkọ̀ bàbá bàbá mi nìyí. Ìyá bàbá mi máa ń ka táyà rẹ̀ lójoojúmọ́, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ yẹn wọ́n kà á dé mẹ́rin, dádì mi ké nínú ilé torí pé ọmọ ọwọ́ ni, wọ́n sì sáré wọlé lọ gbé e. Kò sẹ́ni tó gọ̀ níbẹ̀. Ìṣirò náà ni kò parí.

Mo kà á. Mo tún un kà. Mo gbọ́ tí Màmá ń bi mí pé kí ni wọ́n kọ, mi ò lè túmọ̀ rẹ̀. Mo kàn yí ìwé náà sí wọn, mo fi ìka lé ọkọ̀ tó gbẹ̀yìn. Wọ́n wo búùtù tó ṣófo náà, ó sì yé wọn.

"Mo sọ fún un lọ́jọ́Bọ̀," wọ́n ní. "Ó bi mí pé kí ló dé tí mo fi ń kà á. Kò sẹ́ni tó bi mí rí."

"Màmá."

"Ọ̀rẹ́ bàbá rẹ ló yá sípíà náà lọ ní alẹ́ àná rẹ̀, kò dá a padà. Táyà jò lọ́nà Jẹ́bà. Ó sọ̀ kalẹ̀, ó ń fẹsẹ̀ rìn lọ wá ẹni tó máa bá a lẹ̀ ẹ́, ọkọ̀ àjàgbé kan sì gbá a." Wọ́n nu imú. "Mi ò fẹ́ kí o mọ̀ pé ìwọ lo ké. Ọmọ ọwọ́ á ké. Kí ni ọmọ ọwọ́ fẹ́ ṣe tí kò ní ké?"

Gbogbo ọjọ́ ayé mi ni obìnrin yìí ti ń gbé ẹyọ kan tó ṣẹ́ kù káàkiri, kò gbà á lọ́wọ́ mi. Mo dọ̀bálẹ̀ fún wọn níbẹ̀, lórí kápẹ́ẹ̀tì kíláàsì, láàárín àwọn àga. Olùkọ́ yí ojú sí fèrèsé. Màmá ní kí n dìde, pé aṣọ iṣẹ́ mi á dọ̀tí.

A jáde síbi tí mo gbé ọkọ̀ sí. Oòrùn ṣì ń ta, àwọn òbí ń wá mú ọmọ wọn, fèrè ń dún. Màmá dúró, wọn ò yí ọkọ̀ ká. Wọ́n di ọmọ mi lọ́wọ́ mú.

"Daddy, you count," ọmọ náà ní.

Mo bẹ̀rẹ̀ láti táyà iwájú lápá òsì. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo fọwọ́ kàn án, ó gbóná. Ení. Mo lọ sí ẹ̀yìn. Èjì. Mo yí i ká. Ẹ̀ta. Ẹ̀rin. Fóònù mi dún nínú àpò, mi ò dá a lóhùn. Mo ṣí búùtù, mo gbé àwọn àpò ọjà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, mo sì tẹ́ àtẹ́lẹwọ́ mi sórí táyà tó wà nísàlẹ̀ wọn.

"Àrún," mo ní. "Ó pé, Màmá."